Oògùn fòníkú-fọ̀ladìde ti jáde o, ṣùgbọ́n ta ni yóò rówó rà á nínú wa?

Ìròyìn ayọ̀ ni, ìròyìn ẹkún náà sì ni. Lọ́jọ́ 16, oṣù kọkànlá, ọdún 2023, ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kéde pé àwọn ti fọwọ́ sí ìtọ́jú kan tó lè gba ẹni tó ní àrùn fòníkú-fọ̀ladìde lọ́wọ́ ìrora tó ti ń fìyà jẹ ẹ́ látìgbà tí wọ́n ti bí i. Casgevy ni wọ́n pe orúkọ ẹ̀. Kò pé oṣù kan sígbà náà, lọ́jọ́ 8, oṣù kejìlá, tí ìjọba Amẹ́ríkà náà fọwọ́ sí i, tí wọ́n tún fọwọ́ sí òmíràn tó ń jẹ́ Lyfgenia mọ́ ọn. Kì í ṣe àgúnmu, kì í ṣe àgbo, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe oògùn oníhóró téèyàn ń fi omi gbé mì. Inú jíìnì làwọn onísáyẹ́ǹsì wọ̀ lọ, ìyẹn àwọn àmì àjogúnbá tí bàbá àti ìyá fi sínú ara ọmọ. Ibẹ̀ ni wọ́n ti lọ tún nǹkan ṣe.

Ẹni tó bá gbọ́ èyí, tó sì ti tọ́jú ọmọ tó ní SS rí, yóò fẹ́ẹ̀ẹ́ fò sókè ni. Ta ni nínú wa tí kò mọ ilé kan tí àrùn yìí ti ṣọṣẹ́? Ìyá tó ń sáré kiri lóru pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn, bàbá tó ti ta mọ́tò tà á dórí ilẹ̀ nítorí owó ọsibítù, ọmọ tó gbọ́n ju gbogbo kíláàsì lọ ṣùgbọ́n tí kì í parí táàmù kan láìdùbúlẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ má tíì jó ná. Iye tí wọ́n dá lé Casgevy ní Amẹ́ríkà, mílíọ̀nù 2.2 dọ́là ni, fún ẹnì kan ṣoṣo. Lyfgenia, mílíọ̀nù 3.1 dọ́là. Pẹ̀lú bí dọ́là ṣe ń lọ lọ́dún 2025, èyí tó kéré jù nínú méjèèjì lé ní bílíọ̀nù 3 náírà. Ẹ tún un kà dáadáa o. Bílíọ̀nù la wí, kì í ṣe mílíọ̀nù.

Ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ yìí sì kọjá ti oògùn nìkan. Ìmọ̀ nípa jíìnì ti wọ inú ilé wa, a ò kàn tíì fura ni. Ó ti wọ ọ̀rọ̀ ìgbéyàwó, ó ti dé ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí, ó ń tú àṣírí tọkọtaya síta, ó sì ti ń bi àwọn òbí léèrè pé irú ọmọ wo ni wọ́n fẹ́ bí. Gbogbo ẹ̀ la fẹ́ yẹ̀ wò lónìí.

Kí ló ń ṣe ẹ̀jẹ̀ gan-an?

Nínú ẹ̀jẹ̀ tó dára, àwọn hóró pupa inú ẹ̀ máa ń rí rìbìtì, wọ́n sì máa ń rọ̀, débi pé wọn a yọ́ kọjá nínú iṣan tó tín-ín-rín jù lọ. Àwọn hóró yìí ló ń gbé afẹ́fẹ́ tá a mí símú kiri ara. Ti ẹni tó ní SS kò rí bẹ́ẹ̀. Bí afẹ́fẹ́ bá ti dín nínú wọn, wọn a le, wọn a tẹ̀ kọrọdọ bíi dòjé, wọn a há sójú iṣan, wọn a sì dí ọ̀nà mọ́ àwọn yòókù tó ń bọ̀ lẹ́yìn, àfi bíi gosílóò tí tírélà kan fà sórí bíríìjì. Ibi tí ẹ̀jẹ̀ ò bá ti dé, ibẹ̀ ni ìrora ti máa bẹ̀rẹ̀. Òun ni wọ́n ń pè ní kíráísìsì. Ó lè ba kíndìnrín jẹ́, ó lè ba ojú jẹ́, ó sì lè dá rọpárọsẹ̀ sílẹ̀ lára ọmọ tí kò tíì ju ọdún mélòó kan lọ.

Dókítà ará Amẹ́ríkà kan, James Herrick, ló kọ́kọ́ kọ ọ̀rọ̀ ẹ̀ sínú ìwé ìṣègùn òyìnbó lọ́dún 1910. Ọkùnrin tí wọ́n rí ẹ̀jẹ̀ ọ̀hún lára ẹ̀ ní Chicago, akẹ́kọ̀ọ́ tó ń kọ́ṣẹ́ dókítà eyín ni, Walter Clement Noel lorúkọ ẹ̀, erékùṣù Grenada ló ti wá. Ṣùgbọ́n kí wọ́n tó bí Herrick làwọn baba ńlá wa ti mọ àrùn yìí lójú, ohun tó ń fà á nìkan ni wọn ò mọ̀. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ ló gbà lónìí pé púpọ̀ nínú àwọn ọmọ tí wọ́n ń pè ní àbíkú láyé ìgbà náà, fòníkú-fọ̀ladìde ló ń pa wọ́n. Málọmọ́, Dúrójayé, Kòkúmọ́, Kòsọ́kọ́, Bánjókòó, ẹ̀bẹ̀ ni gbogbo orúkọ wọ̀nyẹn. Wọ́n ń fi abẹ sàmì sára òkú ọmọ kí wọ́n lè dá a mọ̀ bó bá padà wá. Ìyá tó bí mẹ́fà tó sin mẹ́rin, àwọn aládùúgbò á ní àjẹ́ ni. A ti wá mọ̀ báyìí pé kò sí ọwọ́ àjẹ́ kankan níbẹ̀.

Ibi tó yani lẹ́nu jù lọ rèé. Lọ́dún 1954, onímọ̀ ìṣègùn kan tó ń jẹ́ Anthony Allison fi hàn pé ẹni tó ní AS, tó jẹ́ pé S kan ṣoṣo ló wà lára ẹ̀, ibà tí ẹ̀fọn ń fà kì í sábà rí i gbé ṣánlẹ̀ bíi ti ẹlòmíràn. Ìdí nìyẹn tí S fi pọ̀ níbi tí ẹ̀fọn bá ti pọ̀, tó sì fi pọ̀ lọ́dọ̀ wa. Ohun tó gba àwọn baba ńlá wa lọ́wọ́ ibà náà ló wá ń pa àwọn ọmọ wa bó bá ti di méjì lára ẹnì kan.

Ìṣirò ẹ̀ ò le. Bí ọkọ bá jẹ́ AS, tí ìyàwó náà jẹ́ AS, nínú oyún kọ̀ọ̀kan, ìdá kan nínú mẹ́rin ni pé ọmọ yóò jẹ́ SS, ìdá kan pé yóò jẹ́ AA, ìdá méjì pé yóò jẹ́ AS. Àṣìṣe táwọn èèyàn ń ṣe ni pé wọ́n rò pé bí àkọ́bí bá ti jẹ́ SS, àwọn mẹ́ta tó kù ti bọ́ nìyẹn. Rárá o. Oyún kọ̀ọ̀kan ló ń ta ayò tiẹ̀. Àwọn kan bí mẹ́rin, kò sí SS kankan níbẹ̀. Àwọn mìíràn bí mẹ́ta, SS ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta.

Obìnrin tó kọ́kọ́ fara ẹ̀ dán an wò

Victoria Gray, obìnrin adúláwọ̀ kan láti ìpínlẹ̀ Mississippi ní Amẹ́ríkà, ìyá ọlọ́mọ mẹ́rin, ni ẹni àkọ́kọ́ tí wọ́n ṣe ìtọ́jú yìí fún lórílẹ̀-èdè ọ̀hún nítorí fòníkú-fọ̀ladìde. Oṣù keje ọdún 2019 ni, nílùú Nashville.

Báyìí ni wọ́n ṣe ń ṣe é. Wọ́n á kọ́kọ́ gba àwọn hóró ìyá, àwọn tó ń bí ẹ̀jẹ̀ nínú mùdùnmúdùn eegun, wọ́n á kó wọn lọ sí láàbù. Níbẹ̀ ni wọ́n ti ń lo irinṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní CRISPR, tó dà bí àlùmọ́gàjí tó kéré débi pé ojú ò lè rí i, tó ń wá ibi tí wọ́n rán an nínú jíìnì, tó sì ń gé e. Jennifer Doudna ará Amẹ́ríkà àti Emmanuelle Charpentier ọmọ ilẹ̀ Faransé ló gbé ọ̀nà ìgé yìí jáde lọ́dún 2012, wọ́n sì gba ẹ̀bùn Nobel lórí ẹ̀ lọ́dún 2020.

Kí wá ni wọ́n ń gé? Ẹ gbọ́ ọgbọ́n tí wọ́n dá. Ọmọ inú oyún kì í lo irú ẹ̀jẹ̀ tá à ń lò. Tiẹ̀ dá yàtọ̀, àrùn yìí ò sì lè ràn án. Lẹ́yìn tí wọ́n bá bí i ni ara ẹ̀ á pa swíìṣì ẹ̀jẹ̀ ìkókó, tí á tan ti àgbà. Ìdí nìyẹn tí ọmọ tó ní SS kì í fi í ṣàìsàn ọ̀hún ní oṣù mélòó kan àkọ́kọ́. Swíìṣì tó pa ẹ̀jẹ̀ ìkókó yìí ni CRISPR lọ ń gé, kí ẹ̀jẹ̀ ìkókó lè padà tàn. Wọn ò yọ S kúrò, wọ́n kàn fún ara ní ẹ̀jẹ̀ mìíràn tó lè fi ṣiṣẹ́ ni.

Kí wọ́n tó dá àwọn hóró ọ̀hún padà, wọ́n gbọ́dọ̀ fi kímò, irú oògùn líle tí wọ́n ń fún alárùn jẹjẹrẹ, pa gbogbo èyí tó wà nínú eegun tẹ́lẹ̀ rẹ́. Irun á re, ẹnu á bó, ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀ lèèyàn á fi wà ní ọsibítù níbi tí wọn ò ti ní jẹ́ kí kòkòrò àrùn kankan dé ọ̀dọ̀ ẹ̀. Èyí tó sì burú jù létí àwa Yorùbá ni pé kímò yìí lè sọ èèyàn di ẹni tí kò lè bímọ mọ́. Ẹ wò ó ná. Ọmọbìnrin ọdún 16, ìrora ti fẹ́ẹ̀ẹ́ pa á, wọ́n ní ká wò ó sàn, ṣùgbọ́n ó ṣeé ṣe kó má bímọ láéláé. Ta ni yóò bá a dáhùn? Òun ni àbí ìyá ẹ̀? Lọ́dọ̀ àwọn òyìnbó, wọ́n lè bá a tọ́jú ẹyin ẹ̀ sínú yìnyín sílẹ̀. Owó mìíràn tún nìyẹn.

Ní ti pé ó ṣiṣẹ́, ó ṣiṣẹ́. Nínú àwọn 31 tí wọ́n ti ṣọ́ pẹ́ tó nígbà tí Amẹ́ríkà fẹ́ fọwọ́ sí i, àwọn 29 ló lo odidi ọdún kan, ó kéré tán, láìrí kíráísìsì líle kankan. Victoria Gray fúnra ẹ̀ lọ dìde sọ̀rọ̀ níwájú àwọn onísáyẹ́ǹsì àgbáyé ní London lóṣù kẹta ọdún 2023.

Ẹni tó lórí kò ní fìlà

Àjọ ìlera àgbáyé, WHO, ti sọ ọ́ láti ọdún 2006 pé nǹkan bí ẹni kan nínú mẹ́rin ní Nàìjíríà ló gbé S kan sára, àti pé nǹkan bí 150,000 ọmọ tó ní fòníkú-fọ̀ladìde là ń bí lọ́dọọdún. Kò sí orílẹ̀-èdè tó tó wa nínú ẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn ọmọ yìí kì í pé ọdún márùn-ún tí wọ́n fi ń kú, àwọn mìíràn nínú wọn kì í tiẹ̀ ṣe àyẹ̀wò kankan rí, ibà ni wọ́n á ní ó pa wọ́n.

Ẹ wá wo apá ibòmíràn. Lóṣù kìn-ín-ní ọdún 2025, àjọ tó ń pinnu ohun tí ọsibítù ìjọba lè lò ní England gbà pé kí wọ́n máa fi Casgevy wo àwọn tó ní SS. Wọ́n fojú bù ú pé nǹkan bí 50 èèyàn ni yóò máa rí i gbà lọ́dún. Aláìsàn ò ní san kọ́bọ̀ lápò ara ẹ̀. Ìyá kan náà lè bí ọmọ méjì tí wọ́n jọ ní SS, kí ọ̀kan máa gbé ní Peckham ní London, kí èkejì máa gbé ní Mushin. Èyí tó wà ní Peckham, ó lè wà lára àwọn 50. Èyí tó wà ní Mushin, oògùn ìrora ni wọ́n á kọ fún un, òun náà ni yóò sì lọ fowó ara ẹ̀ rà á. Ẹ̀jẹ̀ kan náà ni o, páálí ìrìnnà ló yàtọ̀.

Àwọn iléeṣẹ́ tó ṣe é ní àlàyé tiwọn. Wọ́n ní ẹ̀ẹ̀kan péré lèèyàn ń gbà á, wọ́n ní ẹ bá àwọn ro owó tí aláìsàn kan á ná ní ọsibítù láti kékeré dọjọ́ alẹ́. Ó lè rí bẹ́ẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Ṣùgbọ́n níbi tí aláìsàn ti ń ra gílọ́ọ̀bù tí nọ́ọ̀sì máa wọ̀, kò sẹ́ni tó ń ṣe irú ìṣirò yẹn. Bí wọ́n bá tiẹ̀ tún fún wa lọ́fẹ̀ẹ́, ọsibítù mélòó ló ní iná tí kì í kú, tó ní yàrá tó mọ́ débi tí wọ́n fi lè pa gbogbo ẹ̀jẹ̀ inú èèyàn rẹ́ kí wọ́n sì tún un ṣe? A ò sọ pé kò lè ṣeé ṣe o. Ọsibítù Yunifásítì Benin, UBTH, ti ṣe pípààrọ̀ mùdùnmúdùn eegun fún ọmọ kan tó ní SS lọ́dún 2011. Àwọn dókítà wa mọ̀ ọ́n ṣe. Ohun tí wọ́n fẹ́ẹ́ fi ṣe é ni kò sí.

Èyí tó tún dunni jù ni pé ohun tí kò wọ́n náà kò dé ọ̀dọ̀ àwọn tó nílò rẹ̀. Oògùn kan wà tó ń jẹ́ hydroxyurea, ó ti pẹ́ táwọn dókítà ti ń lò ó, ó ń dín kíráísìsì kù, ó ń dín rọpárọsẹ̀ ọmọdé kù. Ó ń gbé ẹ̀jẹ̀ ìkókó ga díẹ̀díẹ̀, ìyẹn iṣẹ́ tí Casgevy ń fi bílíọ̀nù ṣe. Bá a bá ṣàyẹ̀wò ọmọ látìgbà tí wọ́n ti bí i, tá a fún un ní penisílìnì àti oògùn tí kò ní jẹ́ kí ibà mú un, tí dókítà sì ń ṣọ́ ọ, yóò dàgbà. Kò sí CRISPR kankan nínú èyí.

Ìwé pélébé tó ń tú ìfẹ́ ká

Títí owó yẹn yóò fi wálẹ̀, ohun ìjà tó wà lọ́wọ́ wa ni àyẹ̀wò jẹ́nótáìpù. Ẹ̀jẹ̀ díẹ̀, owó díẹ̀, ìwé pélébé kan. Ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀ṣì ló ti sọ ọ́ di dandan báyìí, àwọn àlùfáà mìíràn tilẹ̀ ti sọ ọ́ gbangba pé àwọn ò ní so AS pọ̀ mọ́ AS. Àwọn ààfáà náà ń pariwo ẹ̀ níbi wáàsí.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká bá ara wa sọ òótọ́. Ìgbà wo là ń ṣe é? Ìgbà tí wọ́n ti mọ ara wọn fún ọdún mẹ́rin, tí ìdílé méjèèjì ti rí ara wọn, tí aṣọ ẹbí ti délẹ̀, tí àwọn olórin ti gba àsansílẹ̀. Ìgbà yẹn ni ṣọ́ọ̀ṣì á ní kí wọ́n mú ìwé wá. Ó di AS pẹ̀lú AS. Kí ni ẹ rò pé wọ́n á ṣe? Àwọn kan á túká, ọkàn wọn á gbọgbẹ́. Àwọn kan á lọ sí ìjọ mìíràn tí kì í béèrè ìwé. Àwọn mìíràn á wá ẹni tó máa bá wọn kọ AA sínú ìwé. Òótọ́ kì í ṣe ohun tí ayédèrú ìwé ń yí padà, ọmọ tí wọ́n bá bí ló máa ka ìwé tòótọ́ fún wọn.

Ti pé kí ilé àyẹ̀wò ṣi iṣẹ́ ṣe náà tún wà ńbẹ̀. Kì í ṣe ọ̀kan kì í ṣe méjì làwọn tó gbé ìwé AA lọ́wọ́ láti ilé ìwé gíga, tí wọ́n fi ṣègbéyàwó, tó jẹ́ pé ìgbà tí ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í ké nítorí egungun ni wọ́n tó mọ̀ pé AS làwọn. Irinṣẹ́ tí kò dáa, iná tó lọ, ẹni tó kánjú, ọkàn-ò-jọ̀kan nílé àyẹ̀wò, èyíkéyìí lè fà á. Ìdí nìyẹn táwọn dókítà fi ń sọ pé kéèyàn ṣe é ní ibi méjì tó yàtọ̀ síra, kó tó fi ìwé náà ṣe ìpinnu ayé ẹ̀. Kí wọ́n sì bi wọ́n léèrè nípa C náà, nítorí S àti C bá pàdé lára ọmọ, àìsàn ni.

Nígbà tí àyẹ̀wò bá tú àṣírí

Apá kan ọ̀rọ̀ yìí wà táwọn èèyàn kì í fẹ́ẹ́ sọ síta. Bàbá tó jẹ́ AA kò lè bí SS. Ọmọ gbọ́dọ̀ gba S kan lọ́wọ́ bàbá, kó gba S kan lọ́wọ́ ìyá. Ẹ wá fojú inú wo dókítà tí ọmọ SS wà níwájú ẹ̀, tí ìyá jẹ́ AS, tí bàbá, tó ti ń sanwó ọsibítù láti ọdún mẹ́fà, mú ìwé ara ẹ̀ jáde tó sì jẹ́ AA. Kí ni dókítà á sọ?

Ohun àkọ́kọ́ tó yẹ ni pé kí wọ́n tún àyẹ̀wò ṣe, nítorí àṣìṣe ilé àyẹ̀wò ló sábà máa ń kọ́kọ́ wá sọ́kàn, ó sì yẹ bẹ́ẹ̀. Ilé kan ò gbọdọ̀ tú nítorí pé ẹnì kan kọ lẹ́tà kan ṣì. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá tún un ṣe lẹ́ẹ̀mejì tí kò yí padà ńkọ́? Dókítà ò wá láti tú ilé ká, ọmọ ló wà lórí bẹ́ẹ̀dì. Bẹ́ẹ̀ náà ni kò lè purọ́ fún bàbá tó ń béèrè bóyá òun lè fún ọmọ ní mùdùnmúdùn eegun. Bó ṣe di ọ̀rọ̀ DNA nìyẹn, èyí táwọn èèyàn wa ti sọ di eré lẹ́nu ọjọ́ mẹ́ta yìí, bí gbajúmọ̀ kan bá kú, wọn ò tíì sin ín tí wọ́n á ti máa pariwo pé kí wọ́n lọ yẹ ẹ̀jẹ̀ ọmọ ẹ̀ wò.

Òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé ti ọdún 2003 fún ilé ẹjọ́ lágbára láti pàṣẹ irú àyẹ̀wò bẹ́ẹ̀. Ó dáa bẹ́ẹ̀, kó jẹ́ ilé ẹjọ́, kì í ṣe ẹnu àwọn ará àdúgbò. Nítorí ẹni tó bá jìyà jù níbẹ̀, ọmọ ni. Kò pe ara ẹ̀ wá sáyé. Ọmọ tó ti ń dọ̀bálẹ̀ fún ẹnì kan ní àárọ̀ láti ọdún mẹ́fà, bàbá ẹ̀ nìyẹn lójú tiẹ̀, ohun yòówù kí ìwé wí.

Ṣé ká máa ṣa ọmọ bí ẹni ń ṣa ẹ̀wà ni?

Ọ̀nà méjì mìíràn tún wà tí AS méjì tó ti fẹ́ ara wọn lè gbà. Wọ́n lè yẹ oyún wò láti nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mọ́kànlá, kí wọ́n mọ̀ bóyá SS ni. Wọ́n ń ṣe é ní Èkó, lára iṣẹ́ tí Sickle Cell Foundation Nigeria, tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Olú Akínyanjú dá sílẹ̀ lọ́dún 1994, ń ṣe ní Ìdí-Àràbà nìyẹn. Ṣùgbọ́n bó bá wá jẹ́ SS ńkọ́? Òfin Nàìjíríà ò gbà kí wọ́n ṣẹ́ oyún, àyàfi láti gba ẹ̀mí ìyá là. Ìyẹn ni pé sáyẹ́ǹsì béèrè ìbéèrè, òfin sì ti pa ọ̀kan nínú ìdáhùn mọ́ inú àpótí. Àwọn òbí mìíràn sì wà tí wọ́n ṣe àyẹ̀wò ọ̀hún láti fi múra sílẹ̀ de ọmọ, kì í ṣe láti lé e lọ.

Ọ̀nà kejì ni kí wọ́n da ẹyin ìyá àti àtọ̀ bàbá pọ̀ ní láàbù, kí wọ́n yẹ ọlẹ̀ kọ̀ọ̀kan wò kí wọ́n tó gbé e sínú. Ó wà lórílẹ̀-èdè yìí náà, àmọ́ owó ẹ̀ kì í ṣe ti òṣìṣẹ́ tó ń dúró de owó oṣù. Àwọn kan ní ìyẹn ò burú, kò sí oyún tí wọ́n ṣẹ́. Àwọn mìíràn ní àwọn ọlẹ̀ tí wọn ò mú ńkọ́, ta ló ni wọ́n?

Ẹ sì wo ibi tí ọ̀nà yìí lè já sí. Lóṣù kọkànlá ọdún 2018, onísáyẹ́ǹsì ará Ṣáínà kan, He Jiankui, jáde pé òun ti fi CRISPR tún jíìnì àwọn ìbejì obìnrin kan ṣe láti inú ọlẹ̀, kí kòkòrò HIV má bàa ràn wọ́n. Gbogbo ayé ló kígbe mọ́ ọn. Ìjọba Ṣáínà sọ ọ́ sẹ́wọ̀n ọdún mẹ́ta lóṣù kejìlá ọdún 2019. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín tiẹ̀ àti ti Victoria Gray ni pé ara Victoria nìkan ni wọ́n tún ṣe, àwọn ọmọ ẹ̀ ò bá a pín nínú ẹ̀, òun fúnra ẹ̀ ló sì fọwọ́ sí i. Ohun tí wọ́n ṣe sára ìbejì wọ̀nyẹn, àwọn ọmọ ọmọ wọn lè jogún ẹ̀, kò sì sẹ́ni tó bi wọ́n léèrè. Lónìí, HIV ni. Lọ́la, wọ́n lè ní àwọn fẹ́ ọmọ tó ga, lọ́tùn-únla, ọmọ tó pupa. Àwa tá a mọ ohun tí bíbóra ti fi ojú àwọn èèyàn wa rí, ó yẹ ká lè fojú inú wo ìyẹn.

Ọ̀rọ̀ kan ṣì kù tó wà lọ́kàn àwọn tó ní SS, tí wọn kì í rí ẹni sọ ọ́ fún. Gbogbo ìgbà tá a bá pariwo pé kí a má bí SS mọ́, wọ́n ń gbọ́. Ìyá ọkọ tó sọ pé síkílà ò gbọdọ̀ wọ ilé òun, wọ́n gbọ́. Ọ̀gá tí kò gbà wọ́n síṣẹ́ nítorí pé wọ́n á máa ṣàìsàn, wọ́n mọ̀. Tosyn Bucknor tá à ń gbọ́ ohùn ẹ̀ lórí rédíò l'Ékòó, SS ni, kò fi bò, ó ń kó àwọn èèyàn jọ nítorí àrùn náà títí tó fi kú lóṣù kọkànlá ọdún 2018. Alhaja Aṣíátà Oníkòyí-Lágùdà náà ní àrùn yìí, ó sì lò ju 90 ọdún lọ láyé. Ta ni yóò sọ pé irú wọn ò yẹ kó wáyé? Kéèyàn má fẹ́ kí ọmọ ẹ̀ jìyà, ìfẹ́ ni. Kéèyàn wá fojú tín-ín-rín ẹni tó ti wà láyé, ìkà ni. Àwọn méjèèjì ò gbọdọ̀ pọ̀ mọ́ ara wọn lọ́kàn wa.

Kí ló wá kù ká ṣe?

Ẹ̀yin òbí, ẹ má dúró dìgbà ìdána kẹ́ ẹ tó mọ jẹ́nótáìpù ọmọ yín. Kó wà lára ohun tọ́mọ mọ̀ nípa ara ẹ̀ kó tó kúrò ní sẹ́kọ́ńdìrì, bó ṣe mọ ọjọ́ ìbí ẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ béèrè nígbà tí ọ̀rọ̀ ṣì jẹ́ ẹ̀rín, kó tó di ẹkún. Ẹ̀yin àlùfáà àti ààfáà, ẹ gbé ìkéde yín kúrò ní ọ̀sẹ̀ ìgbéyàwó, ẹ gbé e lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn ọ̀dọ́ ìjọ. Ẹni tó bá sì ti bí ọmọ SS, kó má sá fún ọsibítù, kó béèrè nípa hydroxyurea lọ́wọ́ dókítà.

Ní ti ìjọba, òfin ìbánigbófò ìlera tí wọ́n fọwọ́ sí lọ́dún 2022 ní kó di dandan fún gbogbo èèyàn. Ẹ jẹ́ ká rí i lára ọmọ tó ní SS. Kí wọ́n máa yẹ ẹ̀jẹ̀ ìkókó wò ní gbogbo ibi ìgbẹ̀bí, kí oògùn tí kò wọ́n dé ọ̀dọ̀ gbogbo wọn. Kí wọ́n sì jókòó bá àwọn iléeṣẹ́ tó ni Casgevy sọ̀rọ̀, bí àwọn orílẹ̀-èdè ṣe jókòó sọ̀rọ̀ lórí oògùn HIV láyé ọjọ́sí títí tí owó ẹ̀ fi já wálẹ̀. Ìgbà kan wà tí wọ́n ní oògùn yẹn náà ò ní í dé ọ̀dọ̀ wa láéláé. Lónìí, ọ̀fẹ́ ni wọ́n ń pín in ní ọsibítù ìjọba. Ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n fi kọ́ṣẹ́ lára ẹ̀, ẹ̀jẹ̀ àwọn èèyàn wa ni. Ó yẹ kí àwa náà bá wọn débi tí ìwòsàn wà.